Tibor Pa Iná

Ìmọ́lẹ̀ ojú fèrèsé nìkan ni Tibor, ará Hungary, fi ń ya fíìmù. Òun ló sọ ọ́ di olókìkí. Bó ṣe wọ ṣọ́ọ̀bù onídìrí Mummy Bàrákàt ní Peckham, ní London, láti ya á sí fíìmù, ó pa gbogbo iná.

Mummy, tó ti kun pọ́dà, fajú ro sí ọmọọṣẹ́ rẹ̀. "Ìbídùn, sọ fún uncle yìí pé mo ti fi òkùnkùn sílẹ̀ ní Mushin. Kó tanná, àbí kó wá shop mìíràn."

Tibor ní kó kọ́kọ́ nu pọ́dà, kó fi òrí para. Mummy pòṣé, ó para. Ìmọ́lẹ̀ fèrèsé bà lé e níwájú orí, ojú rẹ̀ sì ń dán.

Mummy wo ara rẹ̀ nínú kámẹ́rà Tibor, ó gbé àgbọ̀n sókè síbi ìmọ́lẹ̀. Ìbídùn nawọ́ láti tanná.

"Gbọ́wọ́ ẹ kúrò níbẹ̀. Ṣé o fẹ́ ba ojú mi jẹ́ ni?"