Lẹ́tà Ìgbéga Bàbá Mi

Ilé ẹjọ́ ni, ṣùgbọ́n ilẹ̀ẹ́lẹ̀ ni adájọ́ jókòó sí. Àwọn ọ̀gá ilé iṣẹ́ bàbá mi ti to àga lé orí àga títí dé àjà, oníkálukú gun tirẹ̀, bàtà ẹni òkè lórí ẹni ìsàlẹ̀. Adájọ́ ń sọ̀rọ̀, ohùn rẹ̀ kò jáde. Ìwé àṣẹ tó ti fún wọn lọ́dún mẹ́ta sẹ́yìn ni wọ́n fi ń ṣe abẹ̀bẹ̀.

Ògúnrìndé ló wà lókè pátápátá, ó ń tún táì ṣe. Bàbá mi ló kọ́ ọ bí wọ́n ṣe ń kọ lẹ́tà ìjọba. Ìgbà tí wọ́n gbé ọmọ ẹ̀yìn lé ọ̀gá lórí, Bàbá pè wọ́n lẹ́jọ́, ó sì jàre. Wọn kò ṣe ohun tí adájọ́ wí. Ó tún pè wọ́n lẹ́jọ́ pé wọ́n tàpá sí àṣẹ kóòtù. Ẹnu ẹjọ́ yẹn ló wà tó fi kú, oṣù mẹ́jọ rèé.

Igun kan ni mo ti rí Bàbá, ó ń ki okùn bọ fáìlì bó ṣe máa ń ṣe nílé lọ́jọ́ Sátidé, ó ń fi itọ́ rin ẹnu okùn kó lè wọlé.

"Bàbá, ẹ kú iṣẹ́."

"Àdùfẹ́ mi." Kò gbójú sókè. "Ṣé ìyá rẹ ń jẹun?"

"Wọ́n ń jẹun, sà."

Mo na lẹ́tà tí ilé iṣẹ́ rẹ̀ fi ránṣẹ́ sí wa lọ́jọ́ Ẹtì sí i. "Wọ́n ti gbé yín ga. Olùdarí ni yín báyìí. Wọ́n ní kí ẹ wọṣẹ́ láàárín ọjọ́ mẹ́rìnlá."

"Ṣé wọ́n á rán mọ́tò wá gbé mi ní ibojì?"

Mo rò pé inú rẹ̀ á dùn ni. Ẹni tó fẹ́ràn ipò ni. Bí wọ́n bá pè é ní Ọ̀gbẹ́ni lásán ní ṣọ́ọ̀ṣì, á máa wúkọ́ títí wọn á fi rántí Igbákejì Olùdarí.

"Wọ́n ní bí mo bá ti fọwọ́ sí i pé a gbà á, ẹjọ́ parí. Ọ̀la sì ni kóòtù."

Ó gbé lẹ́tà náà súnmọ́ imú, ó sì yíjú kúrò bí ẹni tó ṣí ìkòkò ọbẹ̀ tó ti kan.

"Ọmọ mi, orúkọ ipò kọ́ là ń kọ́kọ́ wò. Láti ọjọ́ wo ló ti bẹ̀rẹ̀?"

N kò mọ̀. Ó dá a padà fún mi, ó mú fáìlì mìíràn.

Mo jí. Oòrùn ọ̀sán ọjọ́ Àìkú ṣì wà lójú fèrèsé. Mo ṣí lẹ́tà náà, mo wá ọjọ́. Oṣù yìí ni ìgbéga náà bẹ̀rẹ̀. Ọdún mẹ́fà sẹ́yìn ni adájọ́ ní kó ti bẹ̀rẹ̀, kó tó kan Ògúnrìndé. Bàbá ti kú tán, wọ́n ṣì tò ó sẹ́yìn ọmọ ẹ̀yìn rẹ̀.

Mo pe lọ́yà wa. "Ẹ má bínú, sà. N kò fọwọ́ sí i."

"Háà! Wọ́n mà ti pe oníròyìn o, pé àwọn ti tẹ̀lé àṣẹ."

"Ó dáa bẹ́ẹ̀," mo ní. "Kí oníròyìn bá wa ní kóòtù."