Bàbá Sílẹ̀kùn

"Ṣílẹ̀kùn!" Theophilus Àkàngbé tún pariwo, ó sì fi ọwọ́ méjèèjì gbá pátákó tí wọ́n fi ṣe ilẹ̀kùn yàrá. Òógùn ti bò ó lójú nítorí iná ńlá tí wọ́n gbé síwájú rẹ̀.

"Ẹ dúró ná," ni Ọlábọ̀dé, olùdarí eré, wí. "Ẹ̀gbọ́n, kì í ṣe 'ṣí'. 'Sí' ni. Bí ẹ ṣe máa ń pè é."

Láti àárọ̀ ni wọ́n ti wà nínú gbọ̀ngàn tí wọ́n háyà ní Yábàá, tí wọ́n ń fi kámẹ́rà ya ibi kan ṣoṣo nínú eré. Fíìmù ń ṣòfò, kò sì sí ohun tí Àkàngbé kórìíra tó kí nǹkan máa ṣòfò. Ó mọ̀ pé òun ló fà á. Bó bá fipá pe ọ̀rọ̀ náà bí wọ́n ṣe fẹ́, ńṣe ló ń dà bí ẹni tó ń sín àwọn ará ilé rẹ̀ jẹ.

Abúlé kan lẹ́yìn Ìbàdàn ni wọ́n bí i sí, níbi tí wọ́n ti ń pe iṣu ní isu. Nígbà tó dé Èkó, tó ń ṣiṣẹ́ rélùwéè ní Èbúté Mẹ́ta, tó sì ń bá ẹgbẹ́ òṣèré kiri nírọ̀lẹ́, ahọ́n yẹn ni wọ́n fi ń kọ̀ ọ́. Òkú ni wọ́n ń fi í ṣe, tàbí ọlọ́pàá tí kì í sọ̀rọ̀. Láràárọ̀ ló ń dúró síwájú dígí, tó ń pe iṣu, tó ń pe iṣẹ́, títí ahọ́n náà fi gbọ́ràn.

Irun rẹ̀ ti ń funfun kí wọ́n tó fi í ṣe lánlọ́ọ̀dù ahun nínú eré tẹlifíṣọ̀n. Lọ́jọ́ àkọ́kọ́, ẹ̀rù kámẹ́rà bà á, ahọ́n àtijọ́ sì yọ: "Sílẹ̀kùn!" Gbogbo Èkó rẹ́rìn-ín. Láti ìgbà náà, kò lè kọjá ní Ojú Ẹlẹ́gbà kí wọ́n má pè é ní Bàbá Sílẹ̀kùn. Ohun tó fi ìgbà èwe rẹ̀ pa ló wá sọ ọ́ di ẹni táyé mọ̀.

Ì bá gbé e mì, ṣùgbọ́n Àṣàkẹ́, ẹ̀gbọ́n rẹ̀ obìnrin, wá kí i láti abúlé lọ́sẹ̀ tó kọjá. Wọ́n jọ wo eré náà. Mabel ìyàwó rẹ̀ àti àwọn ọmọ rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú wọn. Àṣàkẹ́ ò rẹ́rìn-ín.

"Àkàngbé," ló wí nígbà tó yá, "sé bí èmi náà se ń sọ̀rọ̀ nìyẹn? Sé òun ló ń pa wọ́n lẹ́rìn-ín?"

Àkàngbé dìde, ó pa tẹlifíṣọ̀n.

Nínú gbọ̀ngàn, Rónkẹ́, tó ń ṣe ìyàwó rẹ̀ nínú eré, yọjú lẹ́yìn pátákó. "Bàbá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ pè é ká lọ jẹun. Ṣé obìnrin tó bá tìlẹ̀kùn mọ́ ọkọ kì í jẹun ni?"

Ọlábọ̀dé fa Àkàngbé sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan. Ó ní ẹ̀rín làwọn ọ̀gá tẹlifíṣọ̀n ń retí. Bí kò bá lè ṣe é, Ṣàíbù tó mọ bí a ti ń sín èèyàn jẹ ti wà nílẹ̀. Wọ́n á ní lánlọ́ọ̀dù rìnrìn àjò, àbúrò rẹ̀ wá dípò.

Àkàngbé tún agbádá rẹ̀ ṣe, ó padà síbi pátákó. Ó rántí ìgbà tí wọ́n sin bàbá wọn, tí ìyá wọn tìlẹ̀kùn mọ́rí, tí Àṣàkẹ́ dúró lẹ́nu ọ̀nà tó ń bẹ̀ ẹ́. Ó fi iwájú orí ti pátákó.

"Sílẹ̀kùn," ló wí jẹ́jẹ́. "Mo sẹ̀ ọ́. Mo mọ̀ pé mo sẹ̀ ọ́. Jọ̀ọ́, sí i, kí n rójú rẹ."

Kò sẹ́ni tó rẹ́rìn-ín. Èébú ló yẹ kí Rónkẹ́ fi dá a lóhùn. Ó gbàgbé èébú náà.

Ọlábọ̀dé họrí. "Ẹ̀gbọ́n, ẹ pè é o. Àmọ́ kò pani lẹ́rìn-ín. Ẹ jẹ́ ká tún un yà."

"Rárá. Bí wọ́n ṣe ń pè é nílé wa nìyẹn. Bó bá jẹ́ ẹ̀rín lẹ fẹ́, ẹ pe Ṣàíbù."

Ó bọ́ agbádá náà, ó ká a dáadáa, ó gbé e sórí àga. Ó mú báàgì rẹ̀, ó sì yíjú sí àwọn oníkámẹ́rà.

"Ẹ kú isẹ́," ló wí.

Ó gbọ́ ọ bó ṣe jáde lẹ́nu rẹ̀. Kò tún un pè. Ó bọ́ síta.