Ìwọ̀n Tó Bá Tó

Ọdún mẹ́tàlélógún ni mo fi ń ká asálà tútù, tí mo ń gé e, tí ọwọ́ mi á sì dúdú títí di oṣù kẹjọ. Ọdún mẹ́tàlélógún náà ni wọ́n fi ń lé mi jáde ní ìdáná nígbà tó bá ku kí wọ́n da èròjà sí i. Dirce, ìyá ọkọ mi, ló ń lé mi. Á ní, "Ìyàwó, lọ wo àwọn adìyẹ." Ó ti tó ọdún mẹ́wàá tí a ò ti sin adìyẹ mọ́, síbẹ̀ mo máa ń jáde lọ wò wọ́n.

Gbogbo ilé tó wà lórí òkè wa yìí, lókè ìlú Modena, ló ní noṣino tirẹ̀, ọtí dúdú tí a fi asálà ṣe, kálukú ló sì máa ń sọ pé oògùn ikọ́ ni ti aládùúgbò òun. Ti Dirce nìkan ni wọn kì í bú. Àlùfáà máa ń wá bẹ aláìsàn wò nílé wa nígbà tí ara gbogbo wa le koko, kó ṣáà lè rí i mu. Ohun tó wà lẹ́yìn ẹ̀fà ju èje lọ, lèmi ń rò lọ́kàn mi nípa ìgò yẹn. Ṣùgbọ́n Dirce ti pé ọdún mẹ́rìnlélọ́gọ́rin báyìí. Ó ṣubú lóṣù kejì, egungun ìbàdí rẹ̀ sán, ọ̀pá ló fi ń rìn. Bó bá gbé ìwọ̀n èròjà rẹ̀ lọ sọ́run, noṣino ilé wa parí nìyẹn, èmi tí mo wá láti pẹ̀tẹ́lẹ̀ Ferrara ni wọ́n sì máa sọ pé mo bà á jẹ́. Ọmọ inú kùrukùru ni wọ́n ń pè mí láti ọjọ́ ìgbéyàwó, torí kùrukùru pọ̀ ní pẹ̀tẹ́lẹ̀ wa. Mi ò fẹ́ kí wọ́n tún rí òmíràn fi kún un.

Lọ́jọ́ tó ṣáájú ọdún Jòhánù Mímọ́, lóṣù kẹfà, mo bọ́ bàtà, mo gun igi. Obìnrin ló gbọ́dọ̀ ká a, láìwọ bàtà, iye rẹ̀ kò sì gbọdọ̀ ṣeé pín sí méjì. Dirce jókòó sórí àga nísàlẹ̀, ó ń fi abẹ́rẹ́ gún asálà kọ̀ọ̀kan láti mọ̀ bóyá ó ṣì rọ̀ dénú.

"Mélòó ló wà níbẹ̀?"

"Mẹ́rìnlélọ́gbọ̀n, Màmá."

"Ju ọ̀kan nù."

"Kí ló máa ṣe tó bá jẹ́ mẹ́rìnlélọ́gbọ̀n?"

"Kò ní ṣe nǹkan kan. Ju ọ̀kan nù."

Mo jù ú nù. Nígbà tó di ọjọ́ kejì, mo fi ọ̀bẹ onígi gé wọn sí mẹ́rin mẹ́rin, torí irin ò gbọdọ̀ kàn wọ́n. Mo kó wọn sínú ìgò ńlá, mo da ṣúgà àti ògidì ọtí lé wọn. Ìyẹn ò ní àṣírí nínú, ọmọdé gan-an mọ̀ ọ́n. Nígbà tí mo parí, mo nu ọwọ́ mọ́ épírọ́ọ̀nù mi, mi ò kúrò níbi tí mo wà.

"Màmá, mi ò lọ wo adìyẹ lónìí."

Ó wò mí láti òkè délẹ̀. Ó wá kọjú sí ojú fèrèsé, níbi tí Ermes, ọkọ mi, ti ń ka ìwé ìròyìn. "Ermes, bá mi kìlọ̀ fún ìyàwó ẹ."

"Màmá, ẹ sọ fún un, kí gbogbo wa sinmi," ni Ermes wí. Ó ká ìwé ìròyìn rẹ̀, ó sì gba ilé kọfí lọ. Ọkọ mi kì í dá sí ogun tí wọ́n bá ń jà ní ìdáná.

Dirce mí kanlẹ̀. Ó ní kí n lọ wo inú agolo tí a ń kó bọ́tìnnì sí, pé ìwé kan wà nísàlẹ̀ rẹ̀. Mo fẹ́rẹ̀ẹ́ sáré. Ìwé ọ̀hún ti pọ́n ràkọ̀ràkọ̀, Zaira, ìyá ọkọ tirẹ̀, ló kọ ọ́. Kànáfùrù: q.b. Èèpo kínámónì: q.b. Èèpo ọsàn wẹ́wẹ́: q.b. Gbogbo ìyàwó ilé lọ́dọ̀ wa ló mọ lẹ́tà méjì yẹn. Ìwọ̀n tó bá tó ni. Tó bá jẹ́ iyọ̀ inú ọbẹ̀ ni, kò burú. Èyí sú mi.

"Màmá, mélòó ló tó?"

"Iye tó bá ti tó."

"Báwo ni mo ṣe máa mọ̀ pé ó ti tó?"

"Tí kò bá tíì tó, wàá mọ̀ pé kò tíì tó."

Mo lọ gbé òṣùwọ̀n ìdáná wá, mo gbé e kalẹ̀ níwájú rẹ̀.

"Ṣé òṣùwọ̀n ni mo fi bí ọkọ ẹ ni?"

"Wọ́n wọ̀n ọ́n ní ọsibítù, Màmá. Kílò mẹ́rin àbọ̀. Ẹ̀yin fúnra yín lẹ máa ń sọ ọ́ fún gbogbo ayé."

Ẹ̀rín fẹ́ bọ́ lẹ́nu rẹ̀, ó gbé e mì. Mo fi agolo kànáfùrù lé e lọ́wọ́. "Ẹ ṣáà bù ú bí ẹ ṣe máa ń bù ú." Ó bù ú, mo sì yára ti àwo sábẹ́ ọwọ́ rẹ̀. Márùn-ún. Mo dà á padà, mo ní kó tún un bù. Mẹ́sàn-án. Lẹ́ẹ̀kẹta, mẹ́rin.

"Màmá, ẹ ń fi mí ṣeré."

"Mi ò fi ẹ́ ṣeré."

Mo la àwo náà mọ́ tábìlì, kànáfùrù fọ́n káàkiri. Mo wá sọ ohun tó ti wà nínú mi tipẹ́. Mo ní ó tẹ́ ẹ lọ́rùn kó gbé àṣírí náà wọ sàréè ju kó fi í lé ọmọ pẹ̀tẹ́lẹ̀ lọ́wọ́. Mo ní èmi ni mò ń wẹ̀ ẹ́ láti oṣù kejì, èmi ni mò ń wọ ìbọ̀sẹ̀ fún un, síbẹ̀ àjèjì ni mo jẹ́ lójú rẹ̀.

Ó ń ṣa kànáfùrù náà lọ́kọ̀ọ̀kan.

"Mi ò mọ̀ ọ́n," ló wí.

"Kí lẹ ò mọ̀?"

"Iye ẹ̀. Zaira náà máa ń lé mi jáde. Ó kú lóṣù kẹta, asálà sì ń bọ̀ lóṣù kẹfà. Ìwé yẹn nìkan ni mo bá. Mo da kànáfùrù díẹ̀ sí i, mo gbóòórùn ẹ̀, mo tún da díẹ̀ sí i. Bí mo ṣe ń ṣe é lọ́dọọdún nìyẹn."

"Kí ló wá dé tí ẹ fi ń lé mi jáde?"

"Ṣé kí n jẹ́ kí o rí i pé mi ò mọ nǹkan kan ni? Ìwọ tó o kàwé, tó o níwèé-ẹ̀rí?" Ó nu imú rẹ̀. "Imú mi ni mo fi ń mọ̀ ọ́n. Àtìgbà òtútù tó kọjá ni imú náà ò ti gbóòórùn mọ́. Kọfí gan-an, omi gbígbóná lásán ni lẹ́nu mi."

Mi ò mọ̀ bóyá kí n rẹ́rìn-ín tàbí kí n fọ́ ìgò náà mọ́lẹ̀. Ọdún mẹ́tàlélógún níwájú ilé adìyẹ, tó ti ṣófo láti ọdún mẹ́wàá, torí ohun tí kò sí. Inú bí mi débi pé mi ò lè jókòó.

Ó ti ìgò náà sọ́dọ̀ mi. "Gbóòórùn ẹ̀."

Mo ki imú bọ ẹnu ìgò. Ọtí ta mí lójú, asálà ń run kíkorò. Mo ju kànáfùrù márùn-ún sí i, mo mì ín, mo tún fi méjì kún un, mo ṣẹ́ kínámónì sí i. Mi ò mọ ohun tí mò ń wá. Mo tún gbóòórùn rẹ̀, mo wá sọ pé, "Ó ti tó."

"Báwo lo ṣe mọ̀?"

"Mi ò mọ̀, Màmá."

Ó mi orí pé bẹ́ẹ̀ gan-an ni. A gbọ́ ẹsẹ̀ Ermes lójúde, ó ti ń bọ̀ láti ilé kọfí. Dirce di ọwọ́ mi mú, ó ní, "Lọ tilẹ̀kùn, kó má baà wọlé wá rí i pé a ò mọ̀ ọ́n."