Ọgọ́ta Ìgbésẹ̀

Ẹnu Níyì pọ̀ ju ọwọ́ rẹ̀ lọ. Mo mọ̀ bẹ́ẹ̀ kí n tó gbà láti fẹ́ ẹ, ẹ má bi mí ní ìdí.

Ní ilé wa ní Odò-Òrò, kò sí ọkùnrin tó ń mú ọmọ Bàbá mi lọ láìṣe ọ̀wẹ̀ àna. Bàbá á so okùn mọ́ ìdí igi ọsàn tó wà láàárín oko, á nà án tán, á sì máa fi àdá fa ìlà bó ṣe ń yí igi náà ká. Gbogbo inú ìlà yẹn ni ọkọ ìyàwó àti àwọn ènìyàn rẹ̀ máa kọ ebè sí kí oòrùn tó wọ̀. Bí wọn kò bá parí, ìgbéyàwó di ọdún tó ń bọ̀. Ará ilé wa kan kò sì gbọdọ̀ fọwọ́ kan ọkọ́.

Ní 2002, Dàda tó fẹ́ ẹ̀gbọ́n mi ṣe tirẹ̀. Okùn rẹ̀ jẹ́ ọgbọ̀n ìgbésẹ̀, àwọn mẹ́wàá ló ṣe é, bí oòrùn ṣe ń wọ̀ ni wọ́n parí. Nígbà tó kan Níyì lọ́dún kejì, ó dìde láàárín ẹbí, ó ní kí wọ́n sọ okùn tòun di ọgọ́ta ìgbésẹ̀, àwọn ogún ló máa ṣe é. Bàbá rẹ́rìn-ín, ó gbà.

Èmi tí mò ń kọ́ni ní ìṣirò ní Òsì, ìlú Níyì, àyà mi já. Mo sọ fún un pé ogójì ènìyàn ni iṣẹ́ yẹn. Ó ní kí n fi ìwé sílẹ̀ sí ilé ìwé.

"Okùn di ìlọ́po méjì, ènìyàn di ìlọ́po méjì. Kí ló tún kù?"

Inú bí mi débi pé mo fẹ́ fi í sílẹ̀ kó jìyà rẹ̀. Ṣùgbọ́n ta ló máa jókòó sílé bàbá rẹ̀ fún ọdún kan sí i? Èmi náà ni.

Mo lọ bá Àǹtí Fìrdáúsì, ẹlẹ́wà tí ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ kọjú sí ilé Níyì, tó sì pọ̀n ọ́n lọ́mọdé. Mo fi okùn fa òbíríkítí kékeré sílẹ̀ẹ́lẹ̀ níwájú rẹ̀, mo sọ okùn di ìlọ́po méjì, mo fa ńlá. A tẹ́ ẹ̀wà síbẹ̀ ní ẹyọ kọ̀ọ̀kan. Kékeré gba ife kan. Ńlá gba mẹ́rin. Mo ṣàlàyé fún un pé kì í ṣe gígùn nìkan ni okùn ń fà, ó ń fa ìbú náà. Ó pòṣé, ó ní òun máa kó àwọn obìnrin àdúgbò wá, ṣùgbọ́n ìsọmọlórúkọ máa dá wọn dúró títí di ọ̀sán. Mo ní ogún ló yẹ kó kù, ṣùgbọ́n bí ọ̀sán ni wọ́n máa dé, a jẹ́ pé ogójì ni kó mú wá.

Lọ́jọ́ ọ̀wẹ̀, Níyì àtàwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ ń kọrin dé oko. Nígbà tó máa fi di ọ̀sán, orin ti tán. Wọn kò tíì ṣe ju ìdá kan nínú mẹ́rin lọ. Àbúrò mi obìnrin, Ẹ̀bùn, àbíkẹ́yìn tí Bàbá kò fẹ́ kó kúrò lójú òun, ń bu omi fún wọn. Níyì wo ọwọ́ rẹ̀ tó ti bó, ó sì wò mí. Àánú rẹ̀ ṣe mí gan-an.

Ìgbà yẹn ni ọkọ̀ akẹ́rù dúró. Ogójì obìnrin sọ̀ kalẹ̀, ọkọ́ léjìká. Bàbá fajú ro, ó béèrè ìgbà tí obìnrin bẹ̀rẹ̀ sí í ṣe ọ̀wẹ̀ àna. Àǹtí Fìrdáúsì kúnlẹ̀.

"Bàbá, ènìyàn ọkọ uyàwó lẹ ní kó ṣe uṣẹ́ yìí. Ẹ̀yìn mi ló dàgbà sí. Ẹ kúkú sọ ọ́ kí n gbọ́ pé mi ò kì í ṣe ènìyàn rẹ̀."

Bàbá rẹ́rìn-ín títí fìlà fi bọ́ lórí rẹ̀. Ó ní kí wọ́n wọlé sóko.

Oòrùn ti kan orí ọ̀pẹ nígbà tí Níyì kọ ebè ìkẹyìn. Ó dọ̀bálẹ̀ nínú erùpẹ̀, Bàbá sì fà mí lé e lọ́wọ́. Ayọ̀ mi kò ṣeé sọ. Níyì tẹ̀ sí etí mi, ó béèrè iye ènìyàn tí ì bá gbà ká ní ó sọ okùn di ìlọ́po mẹ́ta.

"Àádọ́rùn-ún," ni mo wí.

Ó pa ẹnu mọ́. Mi ò rí irú rẹ̀ rí.

Bàbá tó ń ká okùn rẹ̀ lẹ́yìn wa dúró. Ó ní kí n tún un sọ. Mo tún un sọ. Ó wo Ẹ̀bùn tó ń kó ife jọ, ó tún wo okùn, ó sì rọra bi Àǹtí Fìrdáúsì ibi tí wọ́n ti ń ta okùn gígùn ní Òsì.