Ètè Irà Balgarrow

Ninian Orrock kì í ka ohun tí kò sí nínú ìwé sí. Lọ́yà ni ní Ẹdinbọ́rà, nílẹ̀ Skọ́tíláǹdì, ogún ọdún ló sì fi ń ṣẹjọ́ ilẹ̀ fún àwọn ẹlòmíràn kí òun náà tó jogún ilẹ̀ oko tí wọ́n ń pè ní Balgarrow. Ó ní àfi kí òun tún ilẹ̀ náà ṣe. Ó da ẹfun sí oko, ó fi ògiri òkúta pín in, kí a má sì purọ́ mọ́ ọn, ọkà tó hù lọ́dún kẹta, irú rẹ̀ kò hù níbẹ̀ rí.

Irà ńlá tó wà lórí òkè nìkan ló kù. Àwọn àgbẹ̀ tó ń san ìṣákọ́lẹ̀ fún un máa ń gé ilẹ̀ dúdú inú rẹ̀, wọn a sá a gbẹ, wọn a fi dáná. Ṣùgbọ́n etí rẹ̀ tó kọjú sí àfonífojì, wọn kì í fọwọ́ kàn án. Ètè irà ni wọ́n ń pè é. Ibẹ̀ gan-an ni Ninian fẹ́ la kí omi lè ṣàn jáde, kó lè gbin ọkà sí gbogbo rẹ̀.

Mungo Tait, àgbà àwọn àgbẹ̀ náà, wá bá a pẹ̀lú fìlà lọ́wọ́.

"Lọ́yà, ẹ jọ̀ọ́, ẹ gé ibi tó bá wù yín, ẹ ṣáà fi ètè yẹn sílẹ̀. Òun ló di irà mú."

"Níbo ni wọ́n kọ ọ́ sí?"

"Wọn ò kọ ọ́ síbì kankan, sà. Bàbá mi ló sọ fún mi."

"Bàbá rẹ mọ̀wé?"

"Rárá o. Ṣùgbọ́n irà ò gbé e rí."

Àwọn tó wà níbẹ̀ rẹ́rìn-ín. Ninian kò rín in.

Nígbà tí àwọn àgbẹ̀ dúró dí àwọn tó fẹ́ gbẹ́lẹ̀ lọ́nà, ó gba àṣẹ wá láti ilé ẹjọ́: àgbẹ̀ tó bá tẹ ilẹ̀ irà, ẹ̀wọ̀n ni. Ó dúró lẹ́nu ọ̀nà ṣọ́ọ̀ṣì, ó kà á sí wọn létí. Kó lè pa wọ́n lẹ́nu mọ́ pátápátá, ó kọ́ ilé òkúta sísàlẹ̀ irà, ó sì kó Grizel, ẹ̀gbọ́n rẹ̀ obìnrin, síbẹ̀. Grizel ló tọ́ ọ dàgbà lẹ́yìn ikú ìyá wọn.

Wọ́n la ètè náà. Òjò wá rọ̀ fún ọjọ́ mẹ́sàn-án. Ní ọjọ́ Ẹtì, Ninian lọ kí ẹ̀gbọ́n rẹ̀.

"Ilẹ̀kùn ilé rẹ ò ṣe é tì mọ́ o," Grizel wí.

"Òjò ló mú pákó wú, ẹ̀gbọ́n mi."

"Ṣé òjò náà ló mú ògiri là? Ìwọ ọmọ yìí, àwọn adájọ́ ni kí o máa pa irú irọ́ yẹn fún."

Ninian gbójú sókè. Tẹ́lẹ̀, láti ẹnu ọ̀nà yẹn, ó máa ń rí igi mẹ́ta lódì kejì irà. Lónìí, orí wọn nìkan ló rí. Irà ti wú dí wọn. Ẹ̀rù bà á gidigidi, ó sì mọ ohun tó yẹ kó ṣe. Ṣùgbọ́n bí Grizel bá kó jáde lónìí, kí ilẹ̀ tó ṣú gbogbo ìlú á ti mọ̀ pé òótọ́ ni Mungo sọ.

"Màá rán káfíńtà sí yín lọ́jọ́ Ajé," ó wí, ó sì gun ẹṣin rẹ̀ lọ.

Ní ọjọ́ Ìsinmi, bí wọ́n ṣe ń jáde ní ṣọ́ọ̀ṣì ni Mungo sáré dé, ó ń mí hẹlẹhẹlẹ.

"Irà ti là o! Láti ètè títí dé àárín! Lókè lọ́hùn-ún, níbi tí mo ti ń kó àgùntàn mi wọlé, ni mo ti rí i."

"Ẹ̀gbọ́n mi ńkọ́? Ṣé o pè wọ́n?"

"Mo pè, pè, pè, ohùn mi ò dé ọ̀dọ̀ wọn. Ni mo bá gba títì wá sọ fún yín."

"Títì? Odindi wákàtí kan! Kí ló dé tí o ò gba inú irà sọ̀ kalẹ̀ lọ bá wọn? Ìṣẹ́jú márùn-ún ni!"

Mungo wò ó lójú. "Lọ́yà, ẹ̀yin náà lẹ ní ẹ̀wọ̀n ni."

Kò fi ṣe yẹ̀yẹ́. Ìdáhùn lásán ni, ó sì dun Ninian ju èébú lọ.

Gbogbo wọn sáré. Kí wọ́n tó dé, wọ́n gbọ́ ìró kan tó wúwo, tó pẹ́ kó tó tán. Nígbà tí wọ́n yọ sí àfonífojì, ilẹ̀ dúdú ti bo gbogbo rẹ̀ bí ògì tó hó dànù. Ihò èéfín ilé Grizel nìkan ló yọrí. Àwọn àgbẹ̀ gbé ṣọ́bìrì dé etí ẹrọ̀fọ̀ náà, wọ́n sì dúró.

"Lọ́yà," Mungo wí, "irà ti dé ibí. Ṣé ká wọ̀ ọ́?"

Ninian mi orí pé bẹ́ẹ̀ ni.

"Ẹ sọ ọ́ jáde, sà, kí gbogbo wa gbọ́. Àwọn wọ̀nyí bímọ sílé."

"Ẹ wọ̀ ọ́!" ó kígbe. "Mungo, mo bẹ̀ yín, ẹ wọ̀ ọ́!"

Wọ́n wọ̀ ọ́, òun náà sì fi ọwọ́ lásán gbẹ́ ẹ pẹ̀lú wọn. Ọjọ́ ti rọ̀ kí wọ́n tó gbé Grizel jáde, ara rẹ̀ sì ti tutù.