Ẹ̀rín Ìyá Aránṣọ

“Gbogbo rẹ̀ ló dára, àfi ẹ̀rín yẹn,” ni ọ̀gá ilé àfihàn iṣẹ́ ọnà wí. “Ìyà ẹni tó ṣí kúrò nílé làwọn èèyàn ń bọ̀ wá wò. Bí ìyá yín bá ń rẹ́rìn-ín, ọ̀rọ̀ á dàrú mọ́ wọn lójú. Ẹ yọ ọ́, bí bẹ́ẹ̀ kọ́, mi ò ní lè fún yín ní gbọ̀ngàn ńlá.”

Bó ti jáde, ojú ti ìyá aránṣọ wẹ̀lẹ̀mù lórí àpótí tó jókòó sí. Ọmọ rẹ̀ obìnrin ló ni iṣẹ́ náà. Aláràbarà ni ìyá máa ń pè é, nítorí àrà tó máa ń dá. Aṣọ funfun mẹ́ta ló kọ́ sí àjà yàrá iṣẹ́ rẹ̀, ó ń fi ẹ̀rọ tan fíìmù sára wọn. Lórí ọ̀kan, géètì ilé wọn àtijọ́ ń ṣí, ó ń pa dé. Lórí èkejì, èrò ń kọjá lójú pópó ìlú tí wọ́n ṣí wá. Lórí ẹ̀kẹta, ọwọ́ ìyá ń ti aṣọ sábẹ́ abẹ́rẹ́ máṣíìnì, ohùn rẹ̀ ń sọ̀tàn, ó sì ń rẹ́rìn-ín. Orí ìyá máa ń wú tó bá ń wò ó. Kò mọ̀ tẹ́lẹ̀ pé èèyàn lè sá ìrántí bí ẹní sá aṣọ.

Ìtàn ọjọ́ tó lọ wáṣẹ́ ní ṣọ́ọ̀bù aránṣọ nílùú yìí ló ń pa á lẹ́rìn-ín. Obìnrin kan dúró lẹ́nu ọ̀nà nínú gáùn olówó ńlá. Ìyá kúnlẹ̀ kí i, kò dáhùn. Ó tún un kí. Lọ́jọ́ kejì ló rí i tí wọ́n ń yọ apá obìnrin náà kí wọ́n lè bọ́ gáùn lọ́rùn rẹ̀. Ère ni. Nígbà tó sọ fún ọkọ rẹ̀, àwọn méjèèjì rẹ́rìn-ín títí wọ́n fi ṣubú lulẹ̀. Ọkọ náà ti kú báyìí.

“Aláràbarà, ṣé ẹkún ni wọ́n ń fẹ́?” Ìyá na ọwọ́, ó tẹ ẹ̀rọ tó ń gba ohùn sílẹ̀. “Mo lè sun ún.”

“Màámi, ẹ fi í lẹ̀.”

“Ta ni kì í fẹ́ gbọ̀ngàn ńlá? Ẹ̀rín mi ò ní ba iṣẹ́ ẹ jẹ́.” Ó fún ojú pọ̀, ó fà á, ó nà án, omi kan ò jáde.

Ọmọ náà ò lè mú un mọ́ra, ó rẹ́rìn-ín. Lẹ́yìn náà ló gbé fóònù, ó pe ọ̀gá. “Ẹ jọ̀ọ́ sà, àwọn àgbà ní bí a bá ń sunkún, à á máa ríran. Ẹ̀rín yẹn ò ní kúrò. Bí gbọ̀ngàn ńlá ò bá gbà á, ẹ fún wa ní yàrá kékeré ẹ̀gbẹ́ àtẹ̀gùn.”

“Olórí kunkun bíi bàbá rẹ̀,” ni ìyá wí. “Nítorí ẹ̀rín lásán?”

“Kì í ṣe lásán, màámi. Mo ti sùn lálẹ́ ọjọ́ tẹ́ ẹ sọ̀rọ̀ ère yẹn, ẹ̀rín ẹ̀yin àti bàbá mi ló jí mi. Àtìgbà tá a ti dé ìlú yìí, mi ò gbọ́ irú ẹ̀rín bẹ́ẹ̀ títí di alẹ́ ọjọ́ yẹn. Ìgbà yẹn ni mo mọ̀ pé a ti délé.”

Omijé tí ìyá ń wá lẹ́ẹ̀kan wá ń dà wẹ̀rẹ̀wẹ̀rẹ̀, kò ráyè nù ún. Ẹ̀rọ ṣì ń gba ohùn. Aláràbarà pa ẹ̀rọ náà, ó wá jókòó ti ìyá rẹ̀.