Okùn Tí Wọ́n Fi Ń Wọn Pápá

Pátákó méjì ló wà lára ògiri gbọ̀ngán ilé ìwé náà. Èyí tó wà lápá ọ̀tún ni ti àwọn akẹ́kọ̀ọ́jáde tó di ẹni ńlá. Adájọ́ kan wà níbẹ̀ tó jókòó sórí àga ìdájọ́ fún ọjọ́ mọ́kànlá géérégé. Ọkùnrin kan wà níbẹ̀ tó dúró sẹ́yìn olórí ìjọba nínú fọ́tò kan, tí etí rẹ̀ ọ̀tún sì hàn kedere. Ẹnì kan tún wà níbẹ̀ tí kò sẹ́ni tó rántí ohun tó ṣe mọ́, àmọ́ tí orúkọ rẹ̀ tóbi ní ìlọ́po méjì ju ti àwọn yòókù lọ, nítorí òun ló ra ọ̀dà. Pátákó apá òsì ni ti àwọn eléré ìje. Ibẹ̀ ni Ìjì wà.

Kì í ṣe ìyá rẹ̀ ló sọ ọ́ ní Ìjì. Àwọn ọmọ kíláàsì rẹ̀ ló sọ ọ́ bẹ́ẹ̀ ní ọdún mẹ́tàlélọ́gbọ̀n sẹ́yìn, lọ́jọ́ tó fi ìṣẹ́jú àáyá méjìdínlọ́gọ́ta sáré irinwó mítà, orúkọ náà sì ni wọ́n kọ sára pátákó. Láti ìgbà náà, kò sí ọmọbìnrin kan tó sáré jù ú lọ. Nígbà tó padà wá di olùkọ́ eré ìdárayá nílé ìwé kan náà, ó máa ń gba inú gbọ̀ngán yẹn kọjá ní ẹ̀ẹ̀meje sí ẹ̀ẹ̀mẹjọ lójúmọ́. Ọ̀nà tó ti yàrá olùkọ́ lọ sí pápá kò sì gba ibẹ̀ rárá.

Ilé ìwé náà fẹ́ràn àṣà ju ẹ̀kọ́ lọ. Lára àṣà wọn ni pé lọ́jọ́ eré ìje, ẹni tí orúkọ rẹ̀ wà lára pátákó gbọ́dọ̀ gbé agolo ọ̀dà funfun àti búrọ́ọ̀ṣì lọ́wọ́ yí pápá ká, kó sì dúró síbi tí eré parí sí, kó lè fọwọ́ ara rẹ̀ pa orúkọ rẹ̀ rẹ́ bí ẹnì kan bá borí rẹ̀. Ọdọọdún ni Ìjì ń ra ọ̀dà tuntun. Ọdọọdún ni ọ̀dà náà ń gan mọ́nú agolo. Agolo méjìlélọ́gbọ̀n ló wà lábẹ́ bẹ́ẹ̀dì rẹ̀, bó bá sì ń gbálẹ̀, á fà wọ́n jáde ní ọ̀kọ̀ọ̀kan, á nù wọ́n, á dá wọn padà.

Àṣà mìíràn ni ti okùn. Àádọ́ta mítà ni okùn náà nígbà tí olùkọ́ eré àtijọ́ rà á, lọ́dún tí Ìjì sáré gan-an, aṣọ pupa sì wà ní etí rẹ̀ méjèèjì. Lọ́jọ́ Ajé, wọ́n á fi wọn pápá: bí wọ́n bá tẹ́ ẹ lẹ́ẹ̀mẹjọ, yípo kan pé. Lọ́jọ́ Ẹtì, okùn yìí kan náà ni Ilé Pupa àti Ilé Búlúù á fi du ìdíje fífa okùn, tí ogún géńdé á dì í mú lápá kan, tí ogún á dì í mú lápá kejì, tí wọ́n á máa fà á títí iṣan ọrùn wọn á fi yọ. Ẹnì kan dábàá nígbà kan pé kí wọ́n ra òmíràn fún fífà. Wọ́n wò ó bí ẹni tó fẹ́ ta ilé bàbá rẹ̀.

Ní ọdún mẹ́rìnlá sẹ́yìn, wọ́n fi okùn yìí wọn ibi tí wọ́n ri èèkàn sìmẹ́ńtì mọ́lẹ̀ yí pápá ká. Láti ìgbà náà, tí wọ́n bá ń tẹ́ okùn, ó máa ń kọjá èèkàn díẹ̀, wọ́n á sì ṣẹ́ èyí tó ṣẹ́ kù po tọ̀wọ̀tọ̀wọ̀. Olùkọ́ kan tó gbóyè nípa ilẹ̀ ayé ṣàlàyé pé ilẹ̀ ló ń sún kì. Níwọ̀n bó ti jẹ́ òun nìkan ló kàwé nípa ilẹ̀, wọ́n gbà fún un.

Bọ́rọ̀ ṣe rí nìyẹn títí Alága ẹgbẹ́ akẹ́kọ̀ọ́jáde fi pinnu pé òun máa ṣe pápá tuntun fún ilé ìwé náà, kí wọ́n sì fi orúkọ òun pè é. Ó rán awọnlẹ̀ kan wá lọ́jọ́ Ìṣẹ́gun, ọkùnrin jẹ́ẹ́jẹ́ kan tó gbé téèpù onírin dání. Ó wọn yípo pápá náà lẹ́ẹ̀mẹta, ó kọ nǹkan sínú ìwé, ó wá ní kí wọ́n bá òun pe olùkọ́ eré.

Ó bi Ìjì léèrè ohun tí wọ́n fi wọn pápá. Ìjì gbé okùn wá, ó gbé e bí ẹni gbé ìkókó. Ọkùnrin náà tẹ́ ẹ sẹ́gbẹ̀ẹ́ téèpù. Ó lé ní mítà méjì.

"Okùn yìí ti nà, mà," ló wí. "Irinwó mítà àti méjìlá ni yípo pápá yín."

Ìjì rẹ́rìn-ín. Ó ní okùn náà á fẹ́rẹ̀ẹ́ ju òun awọnlẹ̀ fúnra rẹ̀ lọ lọ́jọ́ orí. Ọkùnrin náà ní ohun tóun ń sọ gan-an nìyẹn, ó wá bi í bóyá nǹkan mìíràn wà tí wọ́n ń fi okùn náà ṣe. Ìjì sọ fún un. Ibi tó ti ń sọ ọ́ lòun náà ti gbọ́ ohun tó ń ti ẹnu òun jáde.

"Okùn ìwọ̀n lẹ fi ń du fífà?"

Ọkùnrin náà kò jọ ẹni tó máa ń rẹ́rìn-ín. Ṣùgbọ́n ó yíjú sí òpó bọ́ọ̀lù fúngbà díẹ̀ kó tó lè yíjú padà.

Ìjì wọnú yàrá tí wọ́n ń kó bọ́ọ̀lù sí, ó jókòó sórí tìmùtìmù àwọn afòsókè. Ọkàn rẹ̀ kò lọ sórí orúkọ rẹ̀ lára pátákó. Tuntun ni okùn lọ́dún tirẹ̀, irinwó mítà gangan ló sá. Ọmọ rẹ̀ ló rántí.

Ọdún tí wọ́n ri èèkàn náà mọ́lẹ̀ lọmọ rẹ̀ obìnrin sáré, nígbà tó wà lọ́mọ ọdún mẹ́tàdínlógún. Mọ́kàndínlọ́gọ́ta. Ìṣẹ́jú àáyá kan ṣoṣo ló fi pàdánù. Àṣà kẹta nílé ìwé náà ni pé ẹni tó bá pa orúkọ mìíràn rẹ́ nìkan ni wọ́n ń kọ lẹ́tà fún, láìsí lẹ́tà yẹn, yunifásítì tó ń gba eléré lọ́fẹ̀ẹ́ kì í wo ẹnikẹ́ni lójú. Ìjì ló di aago eré mú lọ́jọ́ náà. Nígbà tí wọ́n dé ilé, ó ní, "Ẹsẹ̀ rẹ ò tíì tó tèmi o." Ó pè é ní àwàdà. Ọmọ náà fi bàtà eré kọ́ sára ìṣó lẹ́yìn ilẹ̀kùn, bàtà ò sì kúrò níbẹ̀ mọ́.

Ó ṣe ìṣirò iye ìṣẹ́jú àáyá tí ọmọ náà ì bá fi sá irinwó mítà gangan sẹ́yìn ìwé ìpe-orúkọ. Mẹ́tàdínlọ́gọ́ta àti díẹ̀. Ó tún un ṣe. Kò fìgbà kan mọ ìṣirò láyé rẹ̀, ó sì gbàdúrà pé kó jẹ́ bẹ́ẹ̀ náà ló rí lónìí. Ẹ̀ẹ̀mẹta ló ṣe é, ẹ̀ẹ̀mẹta náà ló jẹ́ mẹ́tàdínlọ́gọ́ta.

Ìjì lọ sọ ọ́ fún ọ̀gá ilé ìwé. Ọ̀gá náà fetí sí i dáadáa, ó wá dìde lọ ti ilẹ̀kùn. Ó rán an létí pé Alága ń bọ̀ lọ́jọ́ Ẹtì, àti pé ó ti ní abẹ́ pátákó ni òun fẹ́ kí wọ́n ti ya òun àti Ìjì ní fọ́tò. Ìjì ní lẹ́tà ọmọ òun ńkọ́.

"Ọmọ ọdún mélòó ni báyìí, mà?"

"Mọ́kànlélọ́gbọ̀n."

"Yunifásítì yẹn ò gba eléré mọ́, ó ti tó ọdún mẹ́fà. Ta la fẹ́ kọ ọ́ sí?" Ó gbé ìwé kan kúrò lápá kan tábìlì lọ sí apá kejì. "Okùn ò lẹ́nu, mà. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má gbẹnu sọ fún un."

Ìjì gba ibẹ̀ lọ sí ibi iṣẹ́ ọmọ rẹ̀. Ilé ìfọṣọ tó ń fọ aṣọ bẹ́ẹ̀dì fún ilé ìwòsàn mẹ́rin ni. Ooru àti èéfín omi gbígbóná gba gbogbo ibẹ̀ kan. Ìdúró lọmọ náà wà láti àárọ̀ títí di ìrọ̀lẹ́ nídìí áyọ́ọ̀nù, ẹsẹ̀ rẹ̀ méjèèjì sì ti wú. Ìjì sọ gbogbo rẹ̀ fún un, okùn, èèkàn, ìṣirò. Áyọ́ọ̀nù kò dúró.

"O sáré jù mí lọ," ló fi parí rẹ̀.

"Mo mọ̀, Màámi."

"Ta ló sọ fún ẹ?"

"Ta ni yóò sọ fún mi? Mo mọ bí mo ṣe sáré lọ́jọ́ yẹn."

"Kí wá ló dé tó ò sọ̀rọ̀?"

Ọmọ náà gbé áyọ́ọ̀nù nàró. "Ẹ wo aago, ẹ rẹ́rìn-ín. Kí ẹ tó wo ojú mi lẹ ti rẹ́rìn-ín. Kí ni kí n tún sọ?"

Ìjì fẹ́ sọ pé oòrùn ló ń mú òun lójú lọ́jọ́ náà. Irọ́ náà dé ètè rẹ̀, ó kọ̀, kò jáde. Ó ní òun á pa orúkọ òun rẹ́, òun á kọ ti ọmọ náà síbẹ̀.

"Ẹ má wulẹ̀ kọ ọ́. Kí n fi ṣe kí ni?" Ó fa aṣọ bẹ́ẹ̀dì ńlá kan yọ. "Ẹ bá mi di etí yìí mú."

Wọ́n nà án láàárín ara wọn. Wọ́n ṣẹ́ ẹ po, wọ́n sún mọ́ra, wọ́n tún un ṣẹ́, títí ọwọ́ wọn fi kanra. Ọmọ náà gba etí aṣọ tó wà lọ́wọ́ ìyá rẹ̀, ó gbé e lé orí òkìtì tó wà lẹ́yìn rẹ̀.

"Ẹ máa lọ, Màámi. Ọ̀gá wa ò fẹ́ àlejò."

Láàárọ̀ ọjọ́ Ẹtì, kí ẹnikẹ́ni tó dé, Ìjì ṣí agolo ọ̀dà ọdún yẹn. Ìgbà àkọ́kọ́ nìyẹn tí ọ̀dà rẹ̀ á kan búrọ́ọ̀ṣì. Ó pa orúkọ rẹ̀ rẹ́. Ó dúró, ó ń retí kí nǹkan kan ṣe òun. Kò sí ohun tó ṣe é. Ojú ibẹ̀ kàn funfun, ó ṣófo bí ibi tí eyín ti yọ.

Nígbà tó fi máa di aago mẹ́wàá, ọ̀gá ilé ìwé ti mú ẹni tó ń kọ orúkọ sára pátákó wá. Alága dé pẹ̀lú ẹni tó máa ya fọ́tò, wọ́n sì fa Ìjì lọ́wọ́ wọnú gbọ̀ngán. Orúkọ rẹ̀ ti padà sípò rẹ̀, aláwọ̀ wúrà, ó tilẹ̀ tóbi ju ti tẹ́lẹ̀ lọ. Níwájú rẹ̀ ni wọ́n kọ ọ́ sí: *mẹ́tàdínlọ́gọ́ta*.

Ìjì wo ọ̀gá ilé ìwé. Ọ̀gá tẹ̀ sí i létí, inú rẹ̀ ń dùn.

"Mo ti bá yín tún un ṣe, mà. Ẹ̀yin náà lẹ sọ pé mẹ́tàdínlọ́gọ́ta ni. Ilé ìwé wa ò gbọdọ̀ ní àkọsílẹ̀ irọ́."

Alága gbá ọwọ́ Ìjì mú, ó ní irú wọn ò sí mọ́. Ẹni tó ń ya fọ́tò ní kí màmá rẹ́rìn-ín. Ìjì gbìyànjú, eyín rẹ̀ yọ díẹ̀, wọ́n ní ó ti dára.

Wọ́n jáde sí pápá. Ilé Pupa àti Ilé Búlúù ti di okùn mú, wọ́n ń wo olùkọ́ wọn. Iṣẹ́ rẹ̀ ni. Ó fi fèrè sẹ́nu, ó fun ún, ogójì ọmọ fà sẹ́yìn lẹ́ẹ̀kan náà.